Dàbínù Tí Bàbá Ò Lè Gbé Mì

Àbúrò mi ọ̀wọ́n,

Mo kí ọ, mo kí ìyàwó wa àtàwọn ọmọ. Ẹsẹ̀ Màmá ti fúyẹ́ díẹ̀, owó tó o fi ránṣẹ́ la sì fi tún òrùlé ṣe.

Lánàá, à ń ṣe èso dàbínù tá a máa jẹ lọ́jọ́ ọdún. Bàbá ń yọ kóró rẹ̀, èmi ń ki ẹ̀pà yíyan bọ̀ ọ́. Wọ́n fi ẹyọ kan sẹ́nu, wọ́n jẹ ẹ́ títí, wọ́n tu ú sọ́wọ́.

“Kò lọ. Má sọ fún àbúrò rẹ, ọ̀nà jìn.”

Wọ́n nuwọ́, wọ́n tún ń yọ kóró lọ.

Dókítà tó yẹ̀ wọ́n wò ní àrùn tó wà lọ́fun wọn ti kọjá ohun tí iṣẹ́ abẹ lè wò. Jọ̀ọ́, má fowó ránṣẹ́ mọ́, ìwọ gan-an ni kó o wá. Kí Ọlọ́run jẹ́ kó o bá wọn láyé.

Ẹ̀gbọ́n rẹ obìnrin