Ẹ̀wà Igba Ènìyàn

Ọjọ́ Ajé, 3 Oṣù Kẹta
Mo ti bẹ̀rẹ̀! Fídíò oúnjẹ àtijọ́ tí mo ti ń fẹnu lásán ṣe láti èṣí, òní ni mo gbé kámẹ́rà wọ ilé ìdáná Ọ̀gá Ìkòkò. Ẹ̀gbọ́n ìyá mi ni. Lójú rẹ̀, Ìyá ni mo ń pè é; inú ìwé yìí nìkan ló ti ń jẹ́ Ọ̀gá Ìkòkò—bó bá gbọ́, mo gbé. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi ṣe olórí alásè nílé-iṣẹ́ ahunṣọ. Igba ènìyàn ló ń se ẹ̀wà fún lójúmọ́. Kò sẹ́ni tó kọ bó ṣe ń se ẹ̀wà yẹn sílẹ̀ rí, àtìgbà tí wọ́n sì ti ti ilé-iṣẹ́ náà pa ni kò ti sè é mọ́. Ọdún mẹ́sàn-án.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 4
A se ti àkọ́kọ́. Iyọ̀! Ife omi mẹ́ta ni mo mu kí n tó sùn.

Ọjọ́bọ̀, 6
Ti òní tẹ́ bí omi ìṣanwọ́. Èmi ni mo fà á. Ó ní àbọ̀ ṣọ́bìrì iyọ̀ lòun máa ń dà sí i. Mo gbé ẹ̀rọ ìṣírò, mo pín àbọ̀ náà sọ́nà àádọ́ta, torí oúnjẹ ènìyàn mẹ́rin péré ni ìkòkò kékeré tí mo gbé wá ń gbà. Ọ̀mọ̀wé! Ó tọ́ ọ wò, ó rọra gbé ṣíbí sílẹ̀. Ó ní ọwọ́ òun ti kú, pé bí ìkẹta bá tún bàjẹ́, òun ò ní sè é mọ́ láé, kí n máa gbé kámẹ́rà mi lọ. Ká má parọ́, fídíò ni mo kọ́kọ́ rò. Lẹ́yìn náà ni mo tó rí ojú rẹ̀, inú mi sì bàjẹ́ gidigidi.

Ọjọ́ Ẹtì, 7
Mo tún fídíò méjèèjì wò. Ṣe ni ó ń fi ṣíbí lu ẹ̀gbẹ́ ìkòkò, á dẹ etí, á fajú ro. Mo sáré pè é. Ó ní ṣé mi ò mọ̀ ni? Bí ẹ̀wà bá tó fi iyọ̀ sí, ohùn ìkòkò á yí padà. Ìkòkò kékeré mi yìí ò fọhùn rárá. Kí ló dé tí ẹ ò sọ, Ìyá? Ó ní mi ò béèrè.
Ìkòkò ńlá tó fi ń sè é nígbà yẹn wà nílé aṣọ́nà ilé-iṣẹ́ ọ̀hún. Omi òjò ló fi ń gbè.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 8
A fọ ìkòkò. Ẹ̀yìn mi o.

Ọjọ́ Àìkú, 9
Ẹ̀yìnkùlé aṣọ́nà la dáná sí. Aṣọ́nà ti ké sí gbogbo òṣìṣẹ́ àtijọ́, wọ́n sì gbé abọ́ dání wá. Ọ̀gá Ìkòkò lu ìkòkò: kò tíì. Ó tún lù ú: kò tíì. Nígbà kẹta, ohùn rẹ̀ wálẹ̀, ó ki—èmi gan-an gbọ́ ọ, mo ti pariwo kó tó lanu! Ó wò mí tìyanutìyanu, ó na ṣọ́bìrì sí mi pé kí n bu iyọ̀.

Ahunṣọ kan tó ń tẹ̀pá ló kọ́kọ́ jẹ. Ó fajú ro.
“Ìyá, ẹ tún ti ki ata bọ̀ ọ́!”
Ìyá dúró gbagidi, ó ní ṣé bẹ́ẹ̀ náà ló ṣe máa ń rí nígbà yẹn.
“Bẹ́ẹ̀ náà ni! Ọdún mélòó la fi bẹ̀ yín pé kẹ́ ẹ dín in kù?” Ló bá tún na abọ́.
Àwọn tó kù gba ìráhùn náà lẹ́nu rẹ̀, kò sẹ́ni tó yin ẹ̀wà, kò sì sẹ́ni tó kúrò lórí ìlà. Ọ̀gá Ìkòkò fi etí ìró nu ojú, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń sunkún, ó wá fi ṣíbí gbá ẹ̀gbẹ́ ìkòkò gbàà:
“Ẹni tí ata bá ta, kó mumi! Ẹ tò dáadáa!”