Japhet, A Kò Rí Ọ Nínú Sinimá Náà

Bàrígà,
Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù kẹta, 1957.

Japhet ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà ni o wà ní Èkó, ṣé o sì ń jẹun? Àwa wà láàyè ní etí ọ̀sà. Olúwa tí kò jẹ́ kí omi wọlé bá wa kò ní jẹ́ kí ibi wọlé tọ̀ ọ́. Èmi Sabina ìyá rẹ ni mo fi ọwọ́ ara mi kọ èyí. Ọdún kìíní ni mo ṣì wà ní kíláàsì àwọn àgbà, ẹ̀rù sì ń bà mí pé àṣìṣe á pọ̀, nítorí náà má fi han ọ̀gá rẹ.

Ẹ̀bẹ̀ ni mo kọ́kọ́ fẹ́ bẹ̀ ọ́. Nígbà tí o gbé ẹ̀rọ tí ìjọba fi ń ya sinimá wá sọ́dọ̀ wa, o ní kí a máa ṣe iṣẹ́ wa bí ẹni pé o kò sí níbẹ̀. Mo rò pé òfin ìjọba ni. Mo kìlọ̀ fún gbogbo ilé pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kí ọ, kí wọ́n má sì bu oúnjẹ fún ọ, bẹ́ẹ̀ ni mo ń rí ọ tí o ń gbé itọ́ mì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹja yíyan. Nígbà tí o fi ẹ̀yìn rìn bọ́ sínú ọ̀sà, Beatrice àbúrò rẹ fẹ́ fà ọ́ jáde, èmi ni mo ní kí ó jókòó, mo bi í pé ta ni ó rí. Dárí jì mí.

Bàbá rẹ ní tirẹ̀ kò nílò òfin kankan. Láti ìgbà tí o ti fi ọkọ̀ ìpẹja rẹ̀ sílẹ̀ ni kò ti bá ọ sọ̀rọ̀, ó ní ọ̀lẹ ni ọkùnrin tí ń jókòó wo àwọn tó ń ṣiṣẹ́. Ìyẹn ni kì í jẹ́ kí n sùn.

Ní Sátidé tó kọjá, nígbà tí o wà ní Ìbàdàn, ọ̀gá rẹ wá, wọ́n fi ẹní bo fèrèsé ilé ìjọsìn ní Ladi-Lak, wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ara ògiri, wọ́n sì fi sinimá rẹ hàn wá. Mo wá ojú rẹ títí, n kò rí ọ. Ọjọ́ mẹ́fà ni o lò lọ́dọ̀ wa, wọn kò sì fi ọ́ sí i rárá. Mo dìde, mo sọ fún ọ̀gá rẹ pé ìrẹ́jẹ ni. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní bí iṣẹ́ náà ṣe rí nìyẹn. Má gbà fún un.

Nínú sinimá náà, ó wá kan ibi tí èmi àti bàbá rẹ ti ń jẹun. Mo kọ̀yìn láti bu omi, ni bàbá rẹ bá yára mú orí ẹja inú àwo rẹ̀, ó fi sínú tèmi, ó wá ń wo òrùlé. Japhet, ọdún mẹ́rìnlélógún ni mo ti ń pe ọkùnrin yìí ní ahun. Sìkírátù tó ń ra ẹja lọ́wọ́ mi pariwo pé Ikúmápàyí olójú líle yìí mọ ìfẹ́ o, gbogbo ènìyàn bú sẹ́rìn-ín, bàbá rẹ sì dìde, ó jáde.

Mo rò pé ó ti bàjẹ́ nìyẹn. Mo bá a nílé níbi tó ti ń tún àwọ̀n ṣe. Ó bi mí pé ọjọ́ mélòó ni o jókòó kí o tó rí ìyẹn. Mo ní mẹ́fà. Ó fi àwọ̀n sílẹ̀, ó ní ẹni tó lè jókòó jẹ́ẹ́ fún ọjọ́ mẹ́fà nítorí orí ẹja kan ṣoṣo, apẹja ni. Ó ní kí o wá sílé ní Sátidé, kí ẹ jọ jẹun.

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ, ọmọ mi. Bí o bá ń bọ̀, mú ṣílè márùn-ún lọ́wọ́ fún òwú àwọ̀n, ìyókù tán lánàá. Ojú tí o fi rí ohun tí èmi kò rí nínú ilé ara mi, kí Olúwa má jẹ́ kí ó ṣú láé.

Èmi ni ìyá rẹ,
Sabina Ikúmápàyí.