Adìẹ Họ́ńgárì tí Jẹ̀lílì Kò Sè Tán

                                        Apt. 304, 6112 Fernleaf Road,
                                        New Carrollton, Maryland.
                                        Ọjọ́ kẹtàdínlógún, oṣù kọkànlá, ọdún 1996.

Kúlísúmù, ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Bàbá Rayyan ńkọ́? Àwọn ọmọ ńkọ́, ṣé wọ́n ti padà sílé ẹ̀kọ́? Orúnkún Màmá rẹ tó ń ro wọ́n lọ́jọ́sí, ṣé ó ti fúyẹ́? Èmi àti Jamilah wà, a dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Òtútù ti dé síbí, ewé ti rẹ̀ tán lára igi. Mo mọ̀ pé lẹ́tà rẹ mẹ́ta ni n kò tíì dáhùn. Má bínú. Ọ̀rọ̀ kan ló há mi lọ́nà ọ̀fun, mo sì fẹ́ sọ ọ́ tán lónìí.

O rántí pé Budapest, ní ilẹ̀ Họ́ńgárì, ni ìjọba rán ọkọ mi Jẹ̀lílì lọ kàwé kó tó wá sí Amẹ́ríkà. Nínú gbogbo ohun tó kó bọ̀ láti ibẹ̀, ọbẹ̀ adìẹ kan tí wọ́n ń pè ní pápíríkáàṣì ló bá a kalẹ́. Gbogbo ọjọ́ Sátidé, lẹ́yìn ìrun Àìlà, á gé àlùbọ́sà wẹ́wẹ́, á gbé e sórí iná jẹ́jẹ́, á fa àga ti sítóòfù, á jókòó. Wákàtí mẹ́ta lórí adìẹ kan. O mọ̀ mí. Iṣẹ́ mi ni kí n ṣètò ìpàdé fún àwọn ilé iṣẹ́, kí gbogbo nǹkan sì bọ́ sákòókò. Mo máa ń sọ fún un pé bí òṣìṣẹ́ mi bá ṣe báyìí, màá lé e lọ. Á ní, "Ìyá Jamilah, jókòó. Adìẹ tí wọ́n ti pa, ibo ló tún fẹ́ sá lọ?" Jamilah á gbé abọ́ rẹ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà kíṣìnì, òun àti bàbá rẹ̀ á sì jọ máa fi mí rẹ́rìn-ín.

Sátidé tó kú yẹn, ní oṣù kejì, àlùbọ́sà ti wà lórí iná. Ìwé ètò ìpàdé kan tí mo ní kí wọ́n bá mi tẹ̀ wà ní ṣọ́ọ̀bù ìtẹ̀wé ní Adelphi, agogo mẹ́ta ni wọ́n sì máa ń tilẹ̀kùn. Mo ní kó lọ bá mi gbà á. Ó ní kí n jẹ́ kí àlùbọ́sà rọ̀ ná. Mo nawọ́, mo pa iná. Ó wọ kóòtù rẹ̀, ó ní, "Jamilah, mò ń bọ̀." Ibi tó páàkì mọ́tò sí níwájú ṣọ́ọ̀bù náà ni ọkàn rẹ̀ ti dáwọ́ iṣẹ́ dúró.

Ohun tí mo sọ fún gbogbo yín nílé ni pé ó jáde lọ ra nǹkan. N kò sọ pé èmi ni mo rán an. Ẹ yìn mí nígbà yẹn pé mo ṣe bí ọkùnrin. A sin ín lọ́jọ́ kejì, mo ṣe opó mi pé, mo padà sẹ́nu iṣẹ́.

Oṣù keje ni òórùn náà bẹ̀rẹ̀. Òórùn àlùbọ́sà tó ń yọ́ nínú òróró, lọ́sàn-án Sátidé, ní kíṣìnì tí ẹnikẹ́ni kò dáná. Àlùbọ́sà nìkan, kò sí ata, kò sí adìẹ. Ibi tí Jẹ̀lílì sè é dé lọ́jọ́ náà ló dúró sí. Mo kan ilẹ̀kùn àwọn ará òkè àti ará ìsàlẹ̀. Obìnrin ará El Salvador tó wà nísàlẹ̀ wa ní ẹ̀wà lòun ń sè. Mo pe ẹni tó ń tún ilé ṣe, ó tú ihò atẹ́gùn, kò rí nǹkan kan. Mo ti fẹ́ gbà pé orí mi ló ń dà mí láàmú, àfi ọjọ́ tí mo bá Jamilah lẹ́nu ọ̀nà kíṣìnì pẹ̀lú abọ́ lọ́wọ́. Ó fi èdè òyìnbó sọ fún mi pé Dádì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣe tán.

Láti ọjọ́ náà, ọmọ kò jẹun gidi mọ́. Ó ní òun ń fi àyè sílẹ̀ fún oúnjẹ Dádì. Ní oṣù kẹwàá, nọ́ọ̀sì ilé ìwé wọn pè mí pé ó ti rù jù, kí n tètè wá nǹkan ṣe. Àfáà wa ní òkú kì í padà wá, kí n máa ka Kùránì nínú ilé. Mo kà á. Òórùn kò lọ.

Mo bá ní ó tó. Bó bá jẹ́ pé oúnjẹ tí kò jinná ni, èmi yóò sè é jinná. Mo ra adìẹ, mo ra wàrà kíkan, mo ra ata pupa wọn tí kì í ta, èyí tí wọ́n ń pè ní pápíríkà. Mo sì ṣe é bí èmi àti ìwọ ṣe ń se ọbẹ̀ láti kékeré: mo jẹ́ kí òróró gbóná janjan, mo da ata sí i kó lè din dáadáa. Kúlísúmù, kí n tó ṣẹ́jú, ó ti dúdú. Ó korò bí ewúro tí wọn kò fọ̀. Jamilah tọ́ ọ wò, ó rọra gbé abọ́ rẹ̀, ó padà lọ dúró sẹ́nu ọ̀nà.

Mo pe Zakariyya ní Oxon Hill, ẹni tí òun àti Jẹ̀lílì jọ kàwé ní Budapest. Ẹ̀rín ló kọ́kọ́ fi mí rín. Ó ní, "Ìyàwó wa, o din pápíríkà? Ìyẹn kì í ṣe ata Bódìjà o. Ṣúgà wà nínú ẹ̀. Gbé ìkòkò kúrò lórí iná kó o tó dà á sí i, kó o sì tètè bu omi lé e." Mo bi í pé ìṣẹ́jú mélòó ni ti àlùbọ́sà. Ó ní, "Kò ní ìṣẹ́jú. Jókòó tì í."

Sátidé tó tẹ̀ lé e, mo fa àga ti sítóòfù. Òórùn tirẹ̀ ti wà nílẹ̀ kí n tó tan iná. Nígbà tí tèmi bẹ̀rẹ̀ sí í yọ, n kò mọ èyí tó jẹ́ tèmi mọ́. Ó lé ní ogójì ìṣẹ́jú. Ọwọ́ ń yún mi láti yí iná sókè. N kò yí i. Mo gbé ìkòkò kúrò, mo da ata sí i, mo bu omi lé e, mo kó adìẹ sí i, mo gbé e padà. Nígbà tó jinná, mo po wàrà kíkan mọ́ ọn. Jamilah ń wò mí láti ẹnu ọ̀nà. Mo bù fún un. Kó tó fi ṣíbí kàn án, ọ̀rọ̀ já bọ́ lẹ́nu mi. Mo ní, "Jamilah, èmi ni mo pa iná lọ́jọ́ yẹn. Èmi ni mo ní kó máa lọ."

Ó ní, "Mo mọ̀, Mọ́mì. Ibí ni mo dúró sí."

Ó jẹ ẹ́ tán, ó na abọ́ sí mi pé kí n fi kún un. Ó ní ti Dádì dùn jù ú lọ.

Àná tún ni Sátidé. Ọ̀sán pọ́n títí, kò sí òórùn kankan. Jamilah wà níta, ó ń gun kẹ̀kẹ́ pẹ̀lú ọmọ ará ìsàlẹ̀. Ohun tí mo ń fẹ́ láti oṣù keje nìyẹn. Síbẹ̀ mo dúró lẹ́nu ọ̀nà kíṣìnì, mo ń fa imú, títí ọmọ fi wọlé wá sọ pé ebi ń pa òun.

Bá mi kí Bàbá Rayyan àti àwọn ọmọ. Kí Abibat àbúrò rẹ, sọ fún un pé bàtà rẹ̀ wà lọ́wọ́ ẹni tó ń mú lẹ́tà yìí bọ̀.

Ìwé kékeré kan tún wà nínú àpòòwé yìí. Ti ìyá Jẹ̀lílì ni. Ojú wọn kò gbé ìwé kíkà mọ́, nítorí náà ìwọ ni kí o kà á sí wọn létí. Ohun tí mo sọ fún Jamilah ló wà níbẹ̀. Má fi ọ̀rọ̀ kún un láti gbèjà mi, má sì sọ pé ò ń dúró de ọjọ́ tí ara wọn bá yá. Ọjọ́ tó bá tẹ̀ ọ́ lọ́wọ́ ni kí o lọ. Ohun tí wọ́n bá sọ, kọ ọ́ sí mi bí wọ́n ṣe sọ ọ́ gan-an. Bó bá jẹ́ èpè ni, kọ èpè náà.

Èmi ni, tìrẹ láti kékeré,

Mùlíkàt.