Ọjọ́ Ìsinmi Tí Adájọ́ Fún Bàbá Àdùní

Odomẹ́ta, ọjọ́ kẹrin oṣù Desémbà, 1962.

Barnabé ọmọ mi,

Mo kí ọ kú iṣẹ́, mo kí ọ kú ọyẹ́, mo sì kí ọ kú àìríra. Bí a ti ń jí lálàáfíà nílé níbí ni kí ìwọ náà máa jí ní Kútọnu, kí ọ̀gá rẹ má bínú sí ọ, kí àga tí o ń jókòó lé ní ọ́fíìsì má ṣẹ́ mọ́ ọ nídìí. Ìyá rẹ ń kí ọ. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti sàn, ẹnu rẹ̀ nìkan ni kò tíì sinmi. Àgbàdo ṣe dáadáa lọ́dún yìí. Ewúrẹ́ dúdú tí o fi sílẹ̀ ti bímọ méjì, ọ̀kan nínú wọn jẹ ìwé orin mi dé orin kẹrìnlélógún, láti ọjọ́ náà ni ó sì ti ń ké bí a bá ti bẹ̀rẹ̀ ìsìn.

Ọ̀rọ̀ Àdùní ọmọ rẹ ló mú mi kọ̀wé. Nígbà tí ìwọ àti Victorine túká, tí ẹ gbé ara yín dé iwájú adájọ́ ní Àjàṣẹ́, o mọ̀ pé mo wà níbẹ̀. Mo rí ọmọdékùnrin náà tó wọ aṣọ dúdú gbàgẹ̀rẹ̀ bí opó, mo dìde kí n kí i kú àṣẹ̀yìndè, ìwọ lo fà mí lẹ́wù jókòó. Àṣé adájọ́ nìyẹn. Ó ní kí ọmọ wà lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀ ní Pọ́bẹ̀, níbi tí Victorine ti ń gbẹ̀bí fún ìjọba, kí bàbá ọmọ sì máa wá wò ó ní ọjọ́ Ìsinmi àkọ́kọ́ nínú oṣù, láti aago mẹ́jọ àárọ̀ títí di aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́. O ní kí n bá ọ tọ́jú ìwé ìdájọ́ náà, o wọ ọkọ̀, o bá tìrẹ lọ.

Mo tọ́jú rẹ̀. Faransé ni wọ́n fi kọ ọ́, mo gbé e fún Théophile, olùkọ́ ilé ìwé wa, ó túmọ̀ rẹ̀ fún mi lẹ́ẹ̀mejì. Níbi tó ti pe ọmọ ní Huguette, mo rò pé ẹjọ́ ọmọ ọlọ́mọ ni wọ́n dá mọ́ wa lọ́wọ́, òun ló rán mi létí pé orúkọ tí wọ́n fi ṣàmì fún Àdùní ni. Ṣùgbọ́n ibi tó ti ní kí bàbá ọmọ máa wá, ìyẹn kò rú mi lójú rárá. Nínú agbo ilé wa yìí, nígbà tí mo ṣì wà láàyè, ta ni bàbá àwọn ọmọ? Ìwọ tí o bí wọn, bí ẹ̀gbọ́n wọn ni o rí. Mo ní adájọ́ yìí kéré lọ́jọ́ orí lóòótọ́, ṣùgbọ́n wọ́n kọ́ ọ nílé, ó mọ̀ pé àgbà ni wọ́n ń ránṣẹ́ sí.

Nítorí aago tó wà nínú ìwé, mo yá aago Théophile, èyí tó máa ń han bí ẹni tí wọ́n ń lù. A kò tíì jìnnà sí Kétu tó fi han nínú àpò mi. Awakọ̀ dá ọkọ̀ dúró, ó wọ abẹ́ rẹ̀ lọ wò ó, obìnrin kan tó gbé adìyẹ sọ̀ kalẹ̀, ó ní òun yóò fẹsẹ̀ rìn.

Nígbà tí mo dé Pọ́bẹ̀ pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́ àti iṣu lórí, Victorine wo ẹ̀yìn mi, ó bi mí pé Barnabé ńkọ́. Mo ní kí ló fẹ́ fi Barnabé ṣe, bàbá ọmọ ti dé. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di òpó mú, lẹ́yìn náà ó kúnlẹ̀ kí mi, ó bu omi fún mi. Láti oṣù Ògọ́ọ̀sì, ìgbà márùn-ún ni mo ti lọ. Bí aago mẹ́fà bá ti lù, èmi a dìde, bí òkèlè bá wà lọ́wọ́ mi, n óò dá a padà sínú àwo. Victorine a ní kí n jẹun tán, pé adájọ́ kò sí níbẹ̀. Mo ní èyí tí kò sí níbẹ̀ gan-an là ń bẹ̀rù, èyí tó bá wà níbẹ̀ ṣeé bẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni má sì baà ní n kò wá, mo máa ń lọ jókòó sẹ́nu ọ̀nà jàǹdámù kan, ọlọ́pàá ìjọba níbẹ̀, títí yóò fi lu òǹtẹ̀ sí ìwé mi. Ó ní òun kò mọ nǹkan kan nínú ọ̀rọ̀ ọmọ, ṣùgbọ́n ó ń lù ú kí n lè máa lọ.

Ní ọjọ́ Ìsinmi tó kọjá yìí ni Victorine sọ fún mi pé ìjọba ń gbé òun lọ sí Parakú, ọ̀nà jíjìn réré. Ní àárín oṣù Jánúárì òun yóò lọ sọ fún adájọ́ pé òun ń mú ọmọ lọ, adájọ́ yóò sì bi òun pé ẹ̀ẹ̀melòó ni bàbá ọmọ wá. Bí kò bá wá rárá, adájọ́ lè fa igi lé ọjọ́ tó fún un. Mo yọ ìwé mi, mo na òǹtẹ̀ márààrún sí i. Ó wò wọ́n pẹ́, kò sì rẹ́rìn-ín.

Ó ní, "Bàbá, ẹ̀yin lẹ wá. Orúkọ Barnabé ni adájọ́ kọ."

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé ẹni tó ń jẹ́ bàbá nílé wa. Ó mú ìka mi, ó fi lé orúkọ náà lórí. Mo mọ̀ ọ́n kà, Barnabé, èmi ni mo kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́. Ojú tì mí, lẹ́yìn náà inú bí mi sí ọ, inú náà ṣì ń bí mi.

Mo sùn sí Pọ́bẹ̀, nílé àwọn ará ìjọ wa. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo lọ pè ọ́ nínú telefóònù ní ilé ìfìwéránṣẹ́. Ẹnì kan nínú rẹ̀ ní o jáde. Mo ní kò burú, n óò dúró dè ọ́. Mo wá ibi jókòó, mo fi ẹ̀rọ náà sí etí. Akọ̀wé ní kí n gbé e kalẹ̀, mo bi í pé ṣé ní ilé tiwọn, bí wọ́n bá yà sílé ẹni tó jáde, wọn kì í dúró díẹ̀ ni. Ó gbà á lọ́wọ́ mi, ó sì gba owó ìdúró náà.

Ohun tó sì mú mi dúró ni ohun tí Àdùní bi mí nígbà tí a jọ ń pa ẹ̀pà. Ó ní ṣé bàbá òun ti kú ni. Mo ní Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́, Kútọnu ló wà. Ó pa ẹ̀pà kan sí i, ó ní ṣé Kútọnu ni gbogbo àwọn tó bá kú máa ń lọ.

O mọ̀ pé ìparí lẹ́tà ni mo ti máa ń tọrọ owó. Òrùlé ilé ìdáná ń jò, ìyá rẹ sì ní aṣọ kan lọ́kàn. Fi gbogbo ìyẹn sílẹ̀. Owó ọkọ̀ ojú irin ẹnì kan láti Kútọnu dé Pọ́bẹ̀ ni mo ń fẹ́. Má fi ránṣẹ́ sí mi, fi ra ìwé ọkọ̀ fún ara rẹ.

Ọjọ́ Ìsinmi kan ló kù, ọjọ́ kẹfà oṣù Jánúárì. Èmi kò ní lọ. Kí Ọlọ́run ṣọ́ ọ lọ́nà, kó má jẹ́ kí o pàdé ibi, kó jẹ́ kí ọmọ rẹ mọ ojú rẹ. Mo ti sọ fún Àdùní pé ẹni tó ń bọ̀ lọ́jọ́ náà ga jù mí lọ. Ó ní láti àárọ̀ lòun yóò ti jókòó sẹ́nu ọ̀nà.

Èmi bàbá rẹ,
Adéníyì Ṣàngódélé.