Ẹni Tó Ń Jí Alhaja fún Sààrì

Ọjọ́ Àìkú, Kubwa

Ọkàn mi ti balẹ̀ wàyí. Láti àárọ̀ ni àyà mi ti ń já.

Lẹ́yìn ìsìn, mo fi fíìmù tí mo ṣe nípa wọn han ìjọ. Ibì kan péré ló ń bà mí lẹ́rù: ibi tí Ìyá Rúùtù, olórí àwọn obìnrin wọn, ti sọ pé tí ààwẹ̀ Ràmàdáànì bá dé, òun lòun máa ń kan ilẹ̀kùn Alhaja, aládùúgbò òun, kó lè jí jẹ sààrì. Tí wọ́n bá ní kí n gé e kúrò, kí ló kù nínú fíìmù ọ̀hún?

Nígbà tí fíìmù dé ibẹ̀, Pásítọ̀ yíjú sí Ìyá Rúùtù, ó ní:

"Kai! Màmá, ẹ̀yin tí ẹ kì í pẹ́ dé àdúrà ìdájí, ta ló wá ń jí ẹ̀yin náà?"

Alhaja, tí mo pè wá wòran, dáhùn láti ẹ̀yìn: "Èmi ni o, Pásítọ̀. Tí mo bá ti ń lọ kírun, mo máa ń kan ilẹ̀kùn wọn."

Gbogbo ìjọ bú sẹ́rìn-ín. Pásítọ̀ ní kí n tún ibẹ̀ fi hàn.

Kámẹ́rà mi wà nínú báàgì ní gbogbo ìgbà yẹn. Ẹ̀rín ni mo ń rín, mo gbàgbé pé iṣẹ́ ló gbé mi wá.