Orúkọ Tí Mo Ní Kí Wọ́n Má Kọ

Ọjọ́ Ajé, 10 Oṣù Kejì, 2025
Akódà kóòtù wá bá mi nílé ìwé. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta péré ni mo tíì lò lórí àga Pírínsípà tí kóòtù Adó ní kí ìjọba gbé mi sí. Sànúsí ló wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n gbé e gorí mi, bẹ́ẹ̀ mo ti wà lẹ́nu iṣẹ́ kó tó dé. Ó ti gba kóòtù lọ báyìí: kí wọ́n fagi lé ìdájọ́ tí àwọn fúnra wọn dá. Mo buwọ́ lùwé pé mo ti gba ìwé ìpẹ̀jọ́ tó mú wá. Àlejò — ẹ̀jẹ̀ ríru mi — ti dé.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11 Oṣù Kejì
Mo lọ bá Ọlámijí, lọ́yà mi, l'Ádó. Mo ní ṣé kóòtù náà máa ń kó ọ̀rọ̀ ẹ̀ jẹ ni? Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní tí adájọ́ bá ti dájọ́, ó ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni tínú rẹ̀ ò dùn sí i, kó gba kóòtù tó ga jù ú lọ. Àfi tí wọ́n bá fi èrú gba ìdájọ́ ọ̀hún. Tàbí kóòtù ò láṣẹ lórí ẹjọ́ náà rárá. Tàbí wọn ò pe ẹni tí ìdájọ́ náà bá.

A ò pe Sànúsí. Ìjọba nìkan la pè lẹ́jọ́. Èmi ni mo bẹ Ọlámijí pé kó má kọ orúkọ rẹ̀. Ògiri kan ló wà láàárín ilé wa ní Aramọkọ. Jemilat, ìyàwó rẹ̀, ló gbẹ̀bí Ìbùkún mi lọ́jọ́ tí òjò ò jẹ́ ká rí ọkadà gbé wa. A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Mo rò pé ohun tó dáa ni mò ń ṣe.

Ọjọ́rú, 12 Oṣù Kejì
Ẹ̀rù ń bà mí.

Ọjọ́ Àìkú, 16 Oṣù Kejì
"Pírínsípà wa!" — gbogbo ìjọ. Oṣù tó kọjá ni mo jó dé iwájú pẹpẹ lọ dúpẹ́. Ta ló rán mi níṣẹ́ ijó? Màámi pè láti Ẹ̀fọ̀n: ṣé àlàáfíà wà n'úlé? Mo ní ó wà. Irọ́. Oṣù Kẹjọ ni màá fẹ̀yìn tì. Bí wọ́n bá ní ká tún ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀, igbákejì lásán ni màá bá wálé.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 1 Oṣù Kẹta
Ààwẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Lọ́dọọdún, Jemilat á na mọ́ínmọ́ín sí mi lórí ògiri nígbà ìṣínu. Abọ́ aláwọ̀ ewé tọdún tó kọjá ṣì wà ní kíṣìnnì mi. A kì í dá abọ́ padà lófìfo, mo ṣì ń wá nǹkan gidi tí màá bù sí i. Mo gbọ́ ìpè ìrun. Mo dúró lẹ́bàá ògiri, mò ń díbọ́n bí ẹni tó ń ká aṣọ. Òórùn epo ń ta sí mi nímú. Nǹkan kan ò wá.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11 Oṣù Kẹta
Kóòtù. Adájọ́ — Bàbá Ikọ́ ni mò ń pè é — húkọ́. Ó ní òun ò lè jókòó yẹ ìdájọ́ ara òun wò bí ẹni pé òun ni kóòtù àgbà. Mo mí kanlẹ̀. Ó ní ṣùgbọ́n ìdájọ́ tó gba ipò lọ́wọ́ ẹni tí wọn ò gbọ́ tẹnu rẹ̀, kì í ṣe ìdájọ́. Agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Ó fagi lé e. Ká tún bẹ̀rẹ̀, kí orúkọ Sànúsí wọ inú rẹ̀. Ó sún un sí Oṣù Kẹwàá.

Sànúsí ò wo ọ̀dọ̀ mi.

Ọjọ́rú, 12 Oṣù Kẹta
Mo kó kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì sílẹ̀.

Lẹ́yìn ìṣínu, Jemilat kan ilẹ̀kùn. Inú mi dùn, àfi ìgbà tí mo rí i pé kò gbé nǹkan kan lọ́wọ́. Kò jókòó. Ó ní orí rédíò ni ọkọ òun ti gbọ́ pé wọ́n ti yọ ọ́, lójú àwọn ọmọ rẹ̀. Ó ní, "Màmá Ìbùkún, ká ní ẹ pè é ni, òun fúnra ẹ̀ ì bá sọ fún adájọ́ pé ẹ̀yin lẹ̀gbọ́n òun lẹ́nu iṣẹ́."

Mo bi í pé ṣé á ṣì sọ ọ́. Ó ní ìgbà yẹn nìyẹn. Abọ́ òun lòun wá gbà.

Mo ní kó dúró, kí n wá nǹkan bù sí i. Ó ní rárá. Ó gbà á lọ́wọ́ mi lófìfo.