Ẹ Gba Iṣu Bàbá Kòsí

Bàbá mi, ẹ kú ilé o, ẹ sì kú àárò mi. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti Peckham nílùú òyìnbó níbí. Mo kí Màámi, mo kí Ìyá Àgbà, mo kí Bọ̀ọ̀dá Múfú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ lè má dùn mọ́ wọn. Àlàáfíà ni mo wà. Òtútù ṣì mú, ilẹ̀ sì ń tètè ṣú, ṣùgbọ́n ó ti ń mọ́ mi lára. Àǹtí Sìdí, tí mo ń gbé lọ́dọ̀ wọn, ní kí n kí yín. Wọ́n wà níbi iṣẹ́ ní ilé-ìwòsàn ní Camberwell bí mo ṣe ń kọ èyí.

Ẹ lè máa rò ó pé kí ló dé tí mi ò pè. Mo pè lẹ́ẹ̀mẹta. Ìgbà tí a tiẹ̀ jọ sọ̀rọ̀, ẹnu mi wúwo, mo kàn ń béèrè bóyá òjò ti rọ̀. Ìdí nìyẹn tí mo fi kọ ọ́ sílẹ̀, tí mo sì ní kí àwọn tó ń ṣe ìwé ìròyìn ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ wa tẹ̀ ẹ́ jáde, kí àwọn ọmọ mìíràn tó ń kó ọgbọ́n ilé-ìwé lọ bá bàbá wọn lè rí i kà.

Bàbá, ọ̀rọ̀ Bàbá Kòsí ni. Màámi sọ fún mi lọ́sẹ̀ tó kọjá pé láti ìgbà tí ẹ ti ní kí wọ́n má gbé iṣu ìṣákọ́lẹ̀ wá mọ́, wọn ò kọ ebè tuntun kankan, wọ́n sì ti ń tú páànù orí abà wọn. Màámi ní ẹ ń sọ pé ẹ ò mọ ohun tó ń ṣe wọ́n. Mo rò pé mo mọ̀ ọ́n. Èmi ni mo fà á.

Ẹ rántí oṣù tí mo ń palẹ̀ mọ́ láti wá síbí. Mo jókòó tì yín níwájú ilé, mo ní ìtìjú ni kí àgbàlagbà bíi Bàbá Kòsí, tó ti ń dáko lórí ilẹ̀ wa kí wọ́n tó bí mi, ṣì máa ru iṣu wá fún yín lọ́dọọdún bí ẹrú. Bọ̀ọ̀dá gbè mí lẹ́sẹ̀, wọ́n ní ayé ti lajú. Ẹ wá ní ó dáa, bí ẹ̀yin tó kàwé bá ti wí bẹ́ẹ̀. Inú mi dùn lọ́jọ́ yẹn. Mo rò pé oore ni mo ṣe.

Sáà yìí, ìtàn àwọn Faransé tó lọ tẹ̀dó sí Kánádà láyé àtijọ́ ni wọ́n ń kọ́ wa, àti bí àwọn àti àwọn onílẹ̀ ibẹ̀ ṣe jọ gbé. Mi ò ní purọ́ fún yín, ẹ̀rù kíláàsì yẹn ń bà mí. Kí n tó to gbólóhùn mi tán lọ́kàn, àwọn yòókù á ti sọ̀rọ̀ kọjá ibẹ̀. Mo ti bi ara mi léèrè ju ẹ̀ẹ̀kan lọ bóyá ó yẹ kí wọ́n gbà mí wọlé rárá.

Ohun tí mo kà rèé. Àwọn Faransé yẹn ò pọ̀. Awọ ẹranko ni wọ́n ń wá rà, àwọn onílẹ̀ ló sì mọ ibi tí ẹranko wà àti odò tí ọkọ̀ lè gbà. Àwọn Faransé míì fẹ́ ọmọ àwọn onílẹ̀. Lọ́dọọdún, gómìnà Faransé á kó aṣọ, ìkòkò irin àti ẹ̀tù ìbọn jọ, á pe àwọn àgbà, wọ́n á jẹun, wọ́n á sọ̀rọ̀, á wá fi kí wọn. Mi ò sọ pé ènìyàn rere ni wọ́n. Wọ́n jó ìlú àwọn kan, wọ́n sì kó àwọn kan lẹ́rú. Ṣùgbọ́n ẹ̀bùn yẹn kì í yẹ̀. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣẹ́gun Faransé, tí wọ́n gba àwọn ilé ogun wọn, ọ̀gágun wọn ní kí ni àwọn ń fi ẹ̀bùn tu ènìyàn lójú sí. Ó dín in kù títí kò fi sí mọ́. Kò pẹ́ tí àwọn onílẹ̀ fi gbógun tì wọ́n.

Olùkọ́ wa, obìnrin kan tí kì í gbé ohùn sókè, bi wá pé kí ló bí àwọn onílẹ̀ nínú tó bẹ́ẹ̀. Ọmọkùnrin kan ní ẹ̀tù tí wọ́n fi ń ṣọdẹ ni wọn ò rí mọ́. Òótọ́ ni. Mi ò mọ ìgbà tí ẹnu mi là, mo ní ó jọ ìṣákọ́lẹ̀. Gbogbo wọn wò mí. Mo ṣàlàyé pé àlejò tó ń dáko lórí ilẹ̀ bàbá mi á gbé iṣu wá lẹ́yìn ìkórè, kì í ṣe torí pé bàbá mi ò ní iṣu. Iṣu yẹn ló ń sọ pé àlejò mọ ẹni tó nilẹ̀, àti pé onílẹ̀ náà mọ̀ ọ́n. Tósìn tó jókòó tì mí, ọmọ Nàìjíríà tí wọ́n bí síbí, tó dàgbà ní Aylesbury Estate, fi Yorùbá rẹ̀ tó dà bíi Gẹ̀ẹ́sì sọ sí mi létí pé ṣé láńlọ́ọ̀dù ni dádì mi, tó wá jẹ́ pé iṣu ló ń gbà. Ó ní kí n jọ̀ọ́ bá òun bi káńsù tó ni ilé wọn bóyá àwọn náà á gba iṣu. Díẹ̀ ló kù kí n bú sẹ́rìn-ín.

Olùkọ́ wa ní àwọn onílẹ̀ kan níbẹ̀ sọ ohun tó jọ ọ́: pé ẹ̀bùn yẹn ni àlejò fi ń jẹ́wọ́ pé ilẹ̀ tí ilé ogun òun dúró lé kì í ṣe tòun. Olùkọ́ wá bi mí pé bó bá jẹ́ bàbá mi ló ní kí àlejò má gbé e wá mọ́ ńkọ́? Bàbá, mo kọ ìbéèrè náà sílẹ̀ nínú ìwé mi.

Mo wọ bọ́ọ̀sì padà sí Peckham, òjò wẹliwẹli ń rọ̀, ojú mi sì wà nílé. Mo rí ọyẹ́. Mo rí Bàbá Kòsí tí wọ́n dé fìlà wọn kan ṣoṣo, tí wọ́n sọ iṣu kalẹ̀. Màámi á mú ọ̀kan níbẹ̀, á sun ún, ẹ̀yin àti Bàbá Kòsí á fi epo jẹ ẹ́ nínú àwo kan. Ìgbà náà ni wọ́n á tó sọ ohun tó gbé wọn wá: pé màlúù wọ oko, pé Kòsí fẹ́ gbéyàwó, ta ni yóò bá àwọn lọ sílé àna. Ẹ̀yin lẹ lọ. Ẹrù orí wọn nìkan ni mo rí nígbà tí mo ń pè é ní ìtìjú. Mi ò rí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n bá sọ ọ́ kalẹ̀. Ẹni tí kò gbé nǹkan kan dání, báwo ló ṣe fẹ́ wá jókòó tì yín?

Mo sọ ọ́ fún Àǹtí Sìdí bí wọ́n ṣe ń bọ́ bàtà. Wọ́n ní Rófíà, o wọ bàlúù wá kọ́ ohun tí ìyá àgbà rẹ mọ̀ láìrí ìwé. Wọ́n ní bí onílẹ̀ bá ní òun ò gba ìṣákọ́lẹ̀ mọ́, kí ni kí àlejò gbọ́, bí kò ṣe pé kó máa lọ?

Ọ̀rọ̀ wa àti ti Kánádà kì í ṣe ọ̀kan náà, mo mọ̀. Níbẹ̀, àlejò ló kọ̀ láti fún onílẹ̀. Níbí, onílẹ̀ ló kọ̀ láti gbà. Ó ṣeé ṣe kí n tún ti ṣìnà. Ṣùgbọ́n bí mo bá ṣìnà, ẹ̀ẹ̀kan péré lẹ máa rìn dé abà. Bí mo bá sì gba ibi tó tọ́, ọgbọ̀n ọdún tí Bàbá Kòsí ti fi dáko lọ́dọ̀ wa ló ń lọ yẹn.

Nítorí náà, Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ fúnra yín. Ẹ má rán Bọ̀ọ̀dá. Ẹ sọ fún wọn pé ọmọ ló sọ̀rọ̀ ọmọdé, àti pé ẹ wá gba iṣu yín. Bó bá jẹ́ ẹyọ kan ni wọ́n ní, ẹ gbà á, kẹ́ ẹ sì jẹ nínú rẹ̀ níbẹ̀.

Ọlọ́run á dá ẹ̀mí yín sí, á fún yín lágbára ẹsẹ̀, kò ní jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ẹnu mi tú ilé onílé. Ẹ bá mi kí gbogbo ará ilé, àtọmọdé àtàgbà. Ẹ bá mi kí Bàbá Kòsí àti Ìyá Kòsí, bí ẹ bá ṣì bá wọn níbẹ̀.

Èmi ni, ọmọ yín,
Rófíà